Orúkọ Tí Ẹnu Kan Ṣoṣo Ń Pè

Orúkọ àwọn ènìyàn ni mo fi gbogbo ọjọ́ iṣẹ́ mi kọ. Bí ẹ bá bi mí pé kí ni mo ṣe láyé, ìdáhùn mi kò jù báyìí lọ: mo jókòó sẹ́yìn tábìlì kan ní Ọ̀wọ̀, ẹnìkan á wá dúró níwájú mi, màá bèèrè orúkọ rẹ̀, màá kọ ọ́ sílẹ̀. Èmi kì í ṣe ẹni tí ọ̀rọ̀ pọ̀ lẹ́nu rẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo fẹ̀yìn tì lọ́dún tó kọjá, ọmọ àbúrò mi kan tó ń wá iṣẹ́ wò mí, ó ní, "Àǹtí, iṣẹ́ ìforúkọsílẹ̀ tí ẹ ṣe yẹn ti kú o. Kọ̀ǹpútà ti gbà á." Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Nítorí òun àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ni mo ṣe mú gègé. Iṣẹ́ náà kò kú rárá! Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí ojú mi rí nídìí rẹ̀.

Mo jáde ilé-ìwé girama, mo kọ̀wé síjọba ìbílẹ̀, wọ́n gbà mí. Owó oṣù kò pọ̀, n kò sì ní ohun mìíràn láti sọ nípa rẹ̀. Ọ̀gá tí wọ́n fi mí sí lábẹ́ rẹ̀ ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀.

Ọ̀gá Adégòkè ni à ń pè é. Ó ga, ó gbẹ, aṣọ funfun ló ń wọ̀ láti Mọ́ńdè dé Fúráídè, bẹ́ẹ̀ íǹkì ló ń fi ṣiṣẹ́, n kò sì rí ẹ̀kán íǹkì kan lára aṣọ rẹ̀ rí. Bí ó bá ń kọ̀wé, á máa kọ orin ìjọ lábẹ́nu. Ìwé ńlá tí a ń kọ orúkọ ọmọ tuntun sí wà níwájú rẹ̀, ó fẹ̀ bí àtẹ onígaàrí. Oṣù mẹ́fà gbáko ni kò fi jẹ́ kí n fọwọ́ kàn án. Ẹ̀yìn ìwé tí wọ́n ti lò ni mo ń kọ orúkọ sí, òun á sì fi gègé pupa yí àṣìṣe mi po, títí ìwé náà á fi dà bí ara ọmọ tí ẹ̀fọn jẹ.

Bí ó ṣe kọ́ mi nìyí. Gbé gègé sílẹ̀ kí o tó bèèrè. Bi ẹni tó ni orúkọ fúnra rẹ̀, má bi ẹni tó tẹ̀ lé e wá. Kọ ọ́ sórí ìwé àjákù, kí o wá kà á padà sókè. "Bí ẹni náà bá dáhùn kí o tó pa ẹnu dé," Ọ̀gá á wí, "orúkọ rẹ̀ nìyẹn. Bí ó bá ní láti ronú, o ti ṣì í gbọ́. Bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀." Tó bá jẹ́ ọmọ ọwọ́, ojú ìyá rẹ̀ ni kí n máa wò bí mo bá ń kà á. Lẹ́yìn èyí ni mo tó lè gbé e sínú ìwé ńlá.

Ó sì jẹ́ kí n mọ̀ pé àwa ará Ọ̀wọ̀ ní ìró tí ìwé kò ní. Ìlú wa fúnra rẹ̀, Ọ̀ghọ̀ ni àwọn àgbà ń pè é. "Bí bàbá kan bá fi 'gh' sí orúkọ rẹ̀, 'gh' ni kí o kọ. Ìwọ kọ́ lo sọ ọ́ lórúkọ."

Lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ fún mi ní ìwé ńlá, ayọ̀ kò jẹ́ kí n fara balẹ̀. Obìnrin kan wá láti Ìpele. Ọmọ rẹ̀ wà nínú àpò nígbà tó bí i, ó sì sọ ọ́ ní Ọ̀kẹ́. Mo kọ "Oke", kò sí àmì lókè, kò sí àmì nísàlẹ̀. Obìnrin náà ti lọ kí Ọ̀gá tó rí i.

"Kí lo kọ síbí?"

"Ọ̀kẹ́ ni, sà."

"Èmi ò rí Ọ̀kẹ́ níbí. Òkè ni mo rí. Ọmọ tó wá sáyé nínú àpò, o ti sọ ọ́ di òkè tí wọ́n ń gùn. Ṣé kí n lọ wá àkàbà?"

Àwọn akọ̀wé yòókù bú sẹ́rìn-ín. Òun kò rẹ́rìn-ín. Ó ní kí n wọ mọ́tò lọ sí Ìpele lójú ẹsẹ̀, kí n wá obìnrin náà rí, kí n tọrọ àforíjì, kí n sì ka orúkọ ọmọ náà padà fún un. Mo sunkún nínú mọ́tò. Nígbà tí mo dé ilé rẹ̀, tí mo kúnlẹ̀, tí mo rojọ́ mi tán, obìnrin náà wò mí títí.

"Nítorí àmì tóótó méjì ni wọ́n ṣe rán ọ wá láti Ọ̀wọ̀?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà."

"Ṣé ọ̀gá yín ò ní ìyàwó nílé tó máa bá jà ni? Jókòó, jàre. Jẹ iṣu."

Mo jẹ iṣu náà tán. Mo ka "Ọ̀kẹ́" fún un, ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ọmọ náà sì yíjú sí mi bí ẹni pé òun náà gbọ́. Nígbà tí mo ń padà, ara mi fúyẹ́. Ọjọ́ yẹn ni mo mọ̀ pé iṣẹ́ yìí ni n ó ṣe títí.

Nígbà tó yá, taipuráítà dé. Ẹ wo bí inú wa ti dùn tó! Ariwo rẹ̀ lásán ń mú mi lórí yá. Ṣùgbọ́n kò ní àmì ohùn, kò sì ní tóótó tí à ń fi sábẹ́ lẹ́tà. Ọ̀gá kò bá a jà. Ó ní kí a máa fi tẹ̀wé, bí a bá sì ti tẹ̀ ẹ́ tán, kí a mú gègé, kí a fọwọ́ fi àmì sí gbogbo orúkọ lọ́kọ̀ọ̀kan. Báyìí ni a ṣe ń ṣe é títí ó fi fẹ̀yìn tì. Lọ́jọ́ tó ń lọ, ó fún mi ní kọ́kọ́rọ́ kọ́bọ́ọ̀dù tí a ń kó àwọn ìwé ńlá sí. "Má jẹ́ kí ikán wọ̀ ọ́," ó wí, ó sì bọ́ sóde.

Kọ̀ǹpútà ni ó tẹ̀ lé e. Bí ẹnìkan bá sọ fún yín pé àwa àgbà ò fẹ́ràn ẹ̀rọ, ẹ ní irọ́ ni. Bàbá kan wá láti Ìdóàní, ó ń wá ìwé ọjọ́ ìbí ọmọ rẹ̀. Tẹ́lẹ̀, odindi òwúrọ̀ ni irú rẹ̀ ń gbà. Mo tẹ orúkọ, ó jáde kí bàbá náà tó kí gbogbo wa tán. Ó wo ìwé náà, ó wò mí, ó ní, "Ẹ ti mọ̀ pé mò ń bọ̀ ni?" Inú mi dùn títí di ìrọ̀lẹ́.

Àfi ìgbà tí ẹ̀rọ tí à ń tẹ ìka sí wá dé. Ìjọba àpapọ̀ ní kí olúkúlùkù ní nọ́ńbà ìdánimọ̀ kan, tí orúkọ rẹ̀, àwòrán rẹ̀ àti ìka rẹ̀ mẹ́wẹ̀ẹ̀wá máa wà lábẹ́ rẹ̀. Wọ́n gbé iṣẹ́ náà fún ilé-iṣẹ́ aládàáni kan ní agbègbè tiwa, wọ́n sì ní kí àwa òṣìṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ ràn wọ́n lọ́wọ́. Mo rò ó pé ohun rere ni, mo sì rò ó bẹ́ẹ̀ títí di òní: kí ẹni tí kò ní ìwé kankan rí ohun tó máa sọ pé òun wà láyé.

Ìyá arúgbó kan ní Ìdóàní gbé ìka lé e, ẹ̀rọ kọ̀. Ẹ̀gẹ́ tó ti ń bó láti ìgbà èwe ti mú kí ìka rẹ̀ dán bí àwo. Ó wo ẹ̀rọ náà tìkàtìkà. "Kò mọ̀ mí? Gbogbo Ìdóàní ló mọ̀ mí. Ta ló bí i?" A fi omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ wẹ ọwọ́ rẹ̀, mo di àtàǹpàkò rẹ̀ mú, mo rọra tẹ̀ ẹ́, mo kà dé mẹ́wàá. Ẹ̀rọ gbà. Ìyá náà jó! Àwa náà pàtẹ́wọ́.

Ṣùgbọ́n alábòójútó tí ilé-iṣẹ́ náà rán sí wa kò ráyè fún omi lílọ́wọ́ọ́wọ́. Ọ̀dọ́mọkùnrin ni, ó mọ iṣẹ́ rẹ̀, ó sì lọ́yàyà. "Kíá, Mọ́mì, kíá" ni ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀, nítorí náà Ọ̀gbẹ́ni Kíákíá ni a sọ ọ́. Iye orí tí ó bá kà lóòjọ́ ni ilé-iṣẹ́ rẹ̀ fi ń wọn iṣẹ́ rẹ̀. Ó ní kí a yé ka orúkọ padà, ó ń jẹ àkókò. Ó tún ní kí a kó àwọn ìwé ńlá dànù kí àyè lè wà fún ẹ̀rọ òun. Mo ní, "Ẹ gbé ẹ̀rọ yín sórí tábìlì tèmi, sà. Èmi á jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ kọ́bọ́ọ̀dù." Ìyẹn ni mo rí kọ̀ fún un. Ti orúkọ kíkà, n kò lè kọ̀ ọ́.

Ohun kan tún wà. Nísàlẹ̀ fọ́ọ̀mù, wọ́n ya àpótí kan tí kò tó èékánná ọmọ ọwọ́. Gẹ̀ẹ́sì wẹ́wẹ́ ni wọ́n kọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀: pé ẹni tó fi orúkọ sílẹ̀ gbà kí ilé-iṣẹ́ náà fún àwọn ilé-iṣẹ́ mìíràn ní orúkọ rẹ̀ àti nọ́ńbà fóònù rẹ̀.

"Sà, ṣé ká máa ka èyí fún wọn?"

"Mọ́mì, ta ló fẹ́ gbọ́ ìyẹn nínú oòrùn yìí? Ẹ fàmì sí i, kẹ́ ẹ kọjá."

"Bí ẹni náà ò bá gbà ńkọ́?"

"Bí àmì ò bá sí níbẹ̀, ẹ̀rọ ò ní jẹ́ kẹ́ ẹ lọ síwájú. Kíá, Mọ́mì, kíá."

Mo fàmì sí i. Ọwọ́ ara mi ni mo fi fà á, fún ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn.

Ó wá di ọjọ́ tí a lọ sí Ìpele. Abẹ́ igi máńgòrò kan la tẹ́ tábìlì sí, èrò sì pọ̀. Ìyàwó tuntun kan tó ń jẹ́ Tóyìn ló kó àwọn ọmọ ilé ọkọ rẹ̀ wá, nítorí àwọn àgbà wà lóko. Orúkọ ìdílé ti wà lórí fọ́ọ̀mù, nọ́ńbà fóònù Tóyìn sì ni wọ́n kọ fún gbogbo àwọn ọmọ náà. Ó kan ọmọbìnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan, ọmọ ọdún mẹ́wàá, ọmọ ẹ̀gbọ́n ọkọ Tóyìn. Ọmọ náà ń jẹ ẹ̀pà. Dípò kí n dúró kí ó gbé ẹ̀pà mì kí n bi í, Tóyìn ni mo bi.

"Kí lorúkọ rẹ̀?"

"Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́."

Ọwọ́ mi kọ ọ́.

Ẹ̀yin tí ẹ kò tíì wọ ilé ọkọ, ẹ jẹ́ kí n là á yé yín. Lọ́dọ̀ tiwa, ìyàwó kì í pe orúkọ ẹni tó bá nílé ọkọ. Ìbáà jẹ́ bàbá ọkọ, ìbáà jẹ́ ọmọ tí wọ́n bí ní oṣù tó ṣáájú ìgbéyàwó, ọkọ rẹ̀ ni gbogbo wọn. Á wo ìrísí ẹnì kọ̀ọ̀kan, á fún un lórúkọ tí òun nìkan á máa pè é: Adúmáadán fún ẹni tó dúdú tó ń dán, Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́ fún ẹni tó tẹ́ẹ́rẹ́. Èmi náà ń pe àbúrò ọkọ mi ní Akọ̀wé láti ọjọ́ tí mo ti wọlé wọn. Kí ni n kò mọ̀ nínú rẹ̀? Bí mo bá ti ka orúkọ yẹn padà sókè lẹ́ẹ̀kan péré, gbogbo àwọn ọmọ yẹn ìbá ti bú sẹ́rìn-ín, mà bá sì ti mọ̀. Ṣùgbọ́n Ọ̀gbẹ́ni Kíákíá dúró lẹ́yìn àga mi, èrò ń tì wá. Ẹ̀rọ yọ gbogbo àmì ara orúkọ náà kúrò, ó gbé "Opelenge" lọ.

Ọdún méje kọjá. Ó kù díẹ̀ kí n fẹ̀yìn tì. Láàárọ̀ Túsìdè kan, Tóyìn wọlé wá bá mi ní ọ́fíìsì Ọ̀wọ̀, òun àti ọmọbìnrin gíga kan tí ojú rẹ̀ pọ́n. Ọmọ náà kúnlẹ̀.

"Mà, Oyíndàmọ́lá lorúkọ mi. Ìdánwò ìwọlé ni mo fẹ́ forúkọ sílẹ̀ fún. Mo fẹ́ kọ́ṣẹ́ nọ́ọ̀sì. Wọ́n ní nọ́ńbà ìdánimọ̀ mi kì í ṣe tèmi."

"Ìgbà wo ni wọ́n máa ti ìforúkọsílẹ̀?"

"Fúráídè yìí, mà."

Mo tẹ nọ́ńbà náà. Àwòrán rẹ̀ jáde, ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ kan wú, ẹ̀pà ṣì wà lẹ́nu rẹ̀. Opelenge. Nísàlẹ̀, nọ́ńbà iṣẹ́ ẹni tó kọ ọ́ wà níbẹ̀. Tèmi ni.

Tóyìn bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. "Èmi ni mo fa èyí. Ẹ bi mí lórúkọ ọkọ mi, báwo ni mo ṣe máa pè é? Ẹnu mi ò gbà á, mà. Títí dòní kò tíì gbà á."

"Ìwọ kọ́," mo wí. "Èmi ni mo yẹ kí n bi ọmọ náà."

Mo pe Ọ̀gbẹ́ni Kíákíá lórí fóònù. Ó ti di ọ̀gá àgbà lẹ́nu iṣẹ́ wọn nígbà yẹn, òun nìkan ló ní àṣẹ láti ṣí orúkọ fún àtúnṣe lágbègbè wa. Ó ní àtúnṣe wà lórí ìlà, pé ó máa gba oṣù mẹ́ta. Mo ní Fúráídè ni ìforúkọsílẹ̀ ìdánwò ń tì. Ó ní kí ọmọ náà dúró de ọdún tó ń bọ̀.

Nígbà tí mo gbé fóònù sílẹ̀, Tóyìn ti nu ojú rẹ̀, ó fẹ́ fi àwàdà tu ọmọ náà nínú. "Ṣó o rí i, Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́ mi? Gbogbo ayé ti wá mọ̀ ọ́ bí mo ṣe mọ̀ ọ́. Fóònù mi gan-an, bẹ́ẹ̀ ló ń pè ọ́."

Mo yíjú sí i. "Báwo ni fóònù ṣe ń pè é?"

Ó ṣí fóònù rẹ̀ fún mi. Àtẹ̀jíṣẹ́ ni, ó tó ogójì. Òmíràn ní kí Opelenge wá ta tẹ́tẹ́ bọ́ọ̀lù. Òmíràn ní kí Opelenge wá ra ìpara. Èyí tó dé láàárọ̀ ọjọ́ náà ní, "Opelenge, ṣé ó wù ọ́ kí o fọn? Mu tíì wa." Mo wo ọmọ náà, tó rí tẹ́ẹ́rẹ́ bí ọ̀pá ẹ̀wà. Bí ọ̀rọ̀ náà kò bá ti dùn mí, mà bá rẹ́rìn-ín.

"Ìgbà wo ni wọ́n ti ń wọlé?"

"Ọjọ́ ti pẹ́, mà. Ọdún tí wọ́n tẹ̀ka wa yẹn náà ni. Mo rò pé Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́ mi ló ń fi fóònù mi ṣeré ni."

"Oyíndàmọ́lá, ta ló tún ń pè ọ́ ní Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́?"

"Kò sí, mà. Àǹtí Tóyìn nìkan."

"Nílé-ìwé ńkọ́? Ní ṣọ́ọ̀ṣì?"

"Rárá, mà. Oyín ni wọ́n ń pè mí."

Mo dìde dúró. Orúkọ tí ẹnu kan ṣoṣo ń pè láyé yìí, ìwé kan ṣoṣo ni a ti kọ ọ́ sí. Mo mọ ẹni tó kọ ọ́. Bí onítíì bá wá mọ̀ ọ́n, ibì kan péré ló ti lè rí i.

Ó bọ́ sákòókò pé Ọ̀gbẹ́ni Kíákíá ń bọ̀ wá sí Ìpele ní Wẹ́sìdè, láti wá sọ fún àwọn ará ìlú nípa káàdì tuntun tí ilé-iṣẹ́ rẹ̀ fẹ́ gbé jáde. Mo ṣí kọ́bọ́ọ̀dù. Mo wá ọdún tí wọ́n bí ọmọ náà. Ó wà níbẹ̀ nínú ìwé ńlá, íǹkì rẹ̀ ò tíì ṣá: Oyíndàmọ́lá, gbogbo àmì rẹ̀ pé, ọwọ́ mi ló kọ ọ́, ọjọ́ tí ìyá rẹ̀ gbé e wá. Mo fi aṣọ di ìwé náà, mo gbé e lọ sí Ìpele.

Gbọ̀ngàn ìlú kún. Bàbá Alága ìlú ní kí àwọn ènìyàn bèèrè ọ̀rọ̀. Bàbá àgbẹ̀ kan na ọwọ́ méjèèjì sókè.

"Ìka mi mẹ́wẹ̀ẹ̀wá lẹ gbà. Ọwọ́ ta ló wà báyìí?"

"Ìka yín ṣì wà lọ́wọ́ yín, bàbá," Ọ̀gbẹ́ni Kíákíá wí, àwọn ènìyàn sì rẹ́rìn-ín.

"Èyí tó wà lọ́wọ́ mi, mo fi ń jẹun. Èyí tó wà lọ́dọ̀ yín ni mò ń bèèrè. Kí lẹ fi ń ṣe?"

Ẹ̀rín náà wá yí padà sórí Ọ̀gbẹ́ni Kíákíá. Ìyá kan ní kí ló dé tí àwọn oníṣòwò fi ń fi àtẹ̀jíṣẹ́ yọ òun lẹ́nu láti ìgbà tí òun ti tẹ̀ka. Ọ̀gbẹ́ni Kíákíá mi orí. "Ohun kan ò jáde lọ́dọ̀ wa, mà. Ẹ bi àwọn tó ta káàdì síìmù fóònù fún yín."

N kò dìde sọ̀rọ̀ láwùjọ rí láyé mi. Ní ṣọ́ọ̀ṣì pàápàá, bí wọ́n bá ní kí n gbàdúrà, ohùn mi kì í dé ìjókòó kẹta. Oṣù díẹ̀ péré ló sì kù kí n fẹ̀yìn tì. Mo mọ̀ pé òṣìṣẹ́ ìjọba tó bá tako ilé-iṣẹ́ tí ìjọba gbéṣẹ́ fún lè fi ẹnu ara rẹ̀ pe wàhálà. Mo wo Oyíndàmọ́lá nínú èrò. Mo dìde.

"Sà, ẹni tó ta káàdì fóònù fún Tóyìn, orúkọ wo ló máa mọ̀ ọ́n sí?"

"Tóyìn ni, Mọ́mì. Kí tún ni?"

"Tóyìn, dìde, ka èyí tí wọ́n fi ránṣẹ́ láàárọ̀ àná."

Tóyìn kà á. Nígbà tó dé ibi tíì, gbọ̀ngàn náà bú gbàù. Gbogbo àwọn ìyàwó ilé tó wà níbẹ̀ ló mọ irú orúkọ tí Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́ jẹ́ kí n tó ṣàlàyé. Ìyá àgbà kan kígbe pé, "Yéè! Wọ́n ti bá wa gbé ọkọ lọ sọ́jà!" Mo dúró kí ariwo rọlẹ̀.

"Orúkọ yìí, ìyàwó kan ló fún ọmọ yìí nílé. Kò sí lórí káàdì fóònù. Kò sí nílé-ìwé. Orí fọ́ọ̀mù yín nìkan ló wà, èmi ni mo sì kọ ọ́ síbẹ̀. Báwo ni onítíì ṣe gbọ́ ọ?"

Ọ̀gbẹ́ni Kíákíá fọwọ́ nu iwájú orí. "Mọ́mì, gbogbo ẹni tó forúkọ sílẹ̀ ló gbà á. Àmì wà lórí fọ́ọ̀mù wọn."

"Èmi ni mo fa àmì náà, sà. Ẹ ní kí n má kà á fún wọn, n kò sì kà á. Ẹ̀yin ará Ìpele, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú sí mi. N kò ka orúkọ yín padà fún yín, n kò sì ka ìwé yín fún yín. Ọmọ ọdún mẹ́wàá ni ọmọ yìí, ẹ̀pà ló ń jẹ nígbà tí mo ní ó gbà."

Mo tú aṣọ, mo ṣí ìwé ńlá níwájú Bàbá Alága, mo fi ìka sí orúkọ náà. Bàbá Alága kà á, ó sì yíjú sí Ọ̀gbẹ́ni Kíákíá. "Ọmọ mi, ọ̀rọ̀ káàdì tuntun ti di ọjọ́ mìíràn. Ọ̀la la fẹ́ rí ẹ níbí pẹ̀lú ẹ̀rọ rẹ. Àpótí kékeré yẹn, kó má bá ẹ wá o."

Ó wá. N kò ní ṣàbòsí fún yín, kì í ṣe gbogbo rẹ̀ la rí tún ṣe. Ohun tó ti jáde ti jáde. Onítíì ṣì ń kí Opelenge títí dòní. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ yẹn, kò sí àpótí kankan tí à ń fàmì sí ní Ọ̀wọ̀ láìjẹ́ pé a kà á sókè ní Yorùbá, ẹni tó bá sì ní òun ò gbà, ẹ̀rọ ń jẹ́ kó kọjá. Ìgbà tí wọ́n fẹ́ ẹ bẹ́ẹ̀, ó ṣeé ṣe! Oyíndàmọ́lá forúkọ sílẹ̀ fún ìdánwò rẹ̀, ó yege, ó ti ń kọ́ṣẹ́ nọ́ọ̀sì báyìí. Ọmọ àbúrò mi tó ní iṣẹ́ náà ti kú, mo ti ní kó lọ jókòó lọ́dọ̀ àwọn tó gba ipò mi fún ọ̀sẹ̀ kan, kó kan máa wo ojú àwọn ènìyàn bí wọ́n bá ń gbọ́ orúkọ wọn. Ó lọ ní Mọ́ńdè. Kò tíì padà wá bá mi jiyàn.

Ṣùgbọ́n àárọ̀ Tọ́sìdè yẹn ni mo fẹ́ fi sílẹ̀ fún yín. Abẹ́ igi máńgòrò kan náà. Ọ̀gbẹ́ni Kíákíá fi àṣẹ rẹ̀ ṣí orúkọ náà, ó bọ́ sẹ́yìn àga mi, kò sì sọ pé kíá. Mo gbé ọwọ́ kúrò lórí ẹ̀rọ. Mo bi ọmọ náà ní orúkọ rẹ̀. Mo kọ ọ́ sórí ìwé àjákù pẹ̀lú gbogbo àmì rẹ̀. Mo kà á padà.

"Oyíndàmọ́lá."

"Mà!" N kò tíì pa ẹnu dé.

Tóyìn ń sáré bọ̀ láti òpópónà, ìborí rẹ̀ ti já bọ́ sí èjìká. "Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́ mi, ṣé wọ́n ti ṣe é?"

"Ẹẹ́n, Àǹtí!"

Ó dáhùn sí méjèèjì. Ọ̀kan ni mo kọ.